Ẹ Jẹ́ Káwọn Ọmọ Lọ Sùn Ná

Idogo ni mo ti ṣe Kérésì tó kọjá, nílé ẹ̀gbọ́n ìyá mi tí gbogbo ìdílé ń pè ní Màmá Idogo. Mo jókòó sí kọ̀rọ̀ pálọ̀, mo gbé laptop lé itan, mo ń wo Love, Death & Robots tí mo ti dáńlóòdù sílẹ̀ kí n tó kúrò l'Ékòó. Màmá gba ẹ̀yìn mi kọjá, wọ́n rí i pé àwòrán ló ń rìn lójú ẹ̀rọ, ni wọ́n bá figbe ta: "Ẹ̀yin ọmọ, ẹ máa bọ̀! Bùọ̀dá yín ti gbé kàtúùnù dé o!"

Kí n tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, ọmọ mẹ́fà ti rọ̀gbà yí mi ká. Ohun tó wà lójú ẹ̀rọ lásìkò yẹn ni obìnrin kan tí wúrà àti ìlẹ̀kẹ̀ bò láti orí dé àtẹ́lẹsẹ̀, tó ń pariwo láàrin adágún omi, tí àwọn jagunjagun tó gbọ́ ohùn ẹ̀ sì ya wèrè, tí wọ́n ń pa ara wọn, tí wọ́n ń bọ́ sómi. Mo pa laptop dé. Àwọn ọmọ bínú. Màmá náà bínú: "Irú ahun wo lèyí? Kàtúùnù lásán-làsàn!"

Alẹ́ lẹ́, wọ́n mú iná lọ. A gbé àga síta, ooru ń mú. Ẹnìkan mẹ́nu ba ojú irin, torí pé Idogo ni ẹ̀ka ojú irin tó ya ní Ìfọ̀, tó gba Ìlaròó kọjá, parí sí, ó sì ti pẹ́ gan-an tí ọkọ̀ ojú irin ti wọ ibẹ̀ gbẹ̀yìn. Màmá kọ́kọ́ dákẹ́. Wọ́n wẹ̀yìn, wọ́n wo iwájú, wọ́n ní: "Ẹ jẹ́ káwọn ọmọ lọ sùn ná."

Ìgbà tí ìlẹ̀kùn yàrá pa dé tán ni wọ́n bẹ̀rẹ̀. Obìnrin kan tó ń ta gààrí ló sùn lọ ní ibùdókọ̀ ojú irin, lẹ́yìn ọdún púpọ̀ tí ọkọ̀ kò ti wá mọ́. Òru ni ọkọ̀ náà wọlé. Kò tan iná, kò fọn fèrè. Àwọn èrò na ọwọ́ jáde lójú fèrèsé, wọ́n ní èló ni gààrí. Ó pè é ní náírà. Wọn ò gbọ́. Wọ́n ní ṣílè mélòó? Obìnrin náà rò ó, ó ṣírò ó, ó sì dá wọn lóhùn.

Màmá dákẹ́ síbẹ̀. Àbúrò mi ní, "Ẹ̀n-ẹ́n, kí ló wá ṣẹlẹ̀?" Màmá ní, "Mo ní ó dá wọn lóhùn." Wọ́n dìde, wọ́n lọ sùn. Ìyàwó àbúrò mi ò lè dá lọ sí ilé ìyàgbẹ́ lóru ọjọ́ yẹn, ká má purọ́, èmi náà fi tọ́ọ̀ṣì wo abẹ́ bẹ́ẹ̀dì.

Ẹ wò ó dáadáa. Ẹni tó ní ọmọdé ló ni kàtúùnù lọ́sàn-án, òun náà ló lé àwọn ọmọ wọlé lálẹ́ kó tó tú àpò ìtàn. Màmá mọ̀ pé ìtàn kan wà fún àgbà. Wọ́n mọ̀ pé ẹ̀rù ní ọjọ́ orí. Àmọ́ tí ẹ bá ní kí wọ́n fojú inú wo ìtàn ọkọ̀ ojú irin yẹn gẹ́gẹ́ bí àwòrán tó ń rìn, wọ́n á rẹ́rìn-ín. Ojú kan náà ni àwa tí a mọ̀wé, tí a ń lo íntánẹ́ẹ̀tì láti àárọ̀ ṣúlẹ̀, fi ń wo ọ̀rọ̀ yìí, tiwa sì burú ju ti Màmá lọ, torí àwa ló yẹ ká mọ̀.

Fún ẹni tí kò bá tíì wò ó: Tim Miller àti David Fincher ló wà nídìí Love, Death & Robots. Netflix gbé apá kìíní jáde ní March 2019, ìtàn 18 ló wà níbẹ̀, kò sí ọ̀kan tó bá èkejì tan. Wọ́n ya òmíràn bí àwòrán ọwọ́, òmíràn sì jọ èèyàn gidi débi pé wàá máa wo bí òógùn ṣe ń yọ lára wọn. Ọ̀kan wà tí yogọ́ọ̀tì ti gbọ́n ju èèyàn lọ tó sì gba ìjọba, gbogbo ẹ̀ ò ju nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́fà lọ. Èyí tí àwọn ọmọ Idogo fẹ́ẹ̀ bá mi wò ni Jibaro, Alberto Mielgo ló ṣe é, ó wà nínú apá kẹta tó jáde ní 2022, ó sì gba ẹ̀bùn Emmy. Ọ̀rọ̀ díẹ̀ ṣín-ún ló wà nínú ẹ̀. Jagunjagun kan tí kò gbọ́ràn, obìnrin inú omi kan tí ohùn ẹ̀ ń pa èèyàn, olè jíjà àti ẹ̀san. Sọ fún mi pé èyí kì í ṣe ìtàn wa. Sọ fún mi pé o kò gbọ́ irú ẹ̀ rí lẹ́nu ẹni tó ń gbé lẹ́bàá odò.

Ṣebí ìlànà yẹn gan-an la ní nílé, ìtàn kéékèèké tí ìkọ̀ọ̀kan dá dúró, tí a tò tẹ̀lé ara wọn ní òru kan ṣoṣo, fún àgbà. Ní ìhà tiwa yìí, láti Kétu wá sí Ayétòrò àti Ìlaròó, ẹ bi àwọn àgbà pé kí ni wọ́n ń pè ní òru Ẹ̀fẹ̀. Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ọ̀sán lọ̀pọ̀ èèyàn mọ̀, torí òun ni wọ́n ń yà ní fọ́tò. Òru ló ṣáájú. Nínú ọjà ni, ère kan á jáde, á ṣe tiẹ̀, á wọlé, òmíràn á jáde. Ọ̀kan á gbé iná rù lórí, ọ̀kan á wá pa iná, Tẹ̀tẹ̀dé á wá pe Ẹ̀fẹ̀, kí Ẹ̀fẹ̀ fúnra ẹ̀ tó yọ, tí á sì máa kọrin títí ilẹ̀ á fi mọ́. Àwọn ìyá ló ń fi gbogbo ẹ̀ tù lójú, àwọn ìyá tí èèyàn kì í pe orúkọ wọn lóru. Ọ̀rọ̀ olóṣèlú wà níbẹ̀, ọ̀rọ̀ ìbálòpọ̀ wà níbẹ̀, ọ̀rọ̀ olówó tó jẹ owó ìlú wà níbẹ̀. Kò sẹ́ni tó sọ pé káwọn ọmọ lè mọ àṣà wọn la ṣe ń ṣe é.

Ẹ sì tún gbọ́ èyí, ẹ̀yin tí ẹ máa ń sọ pé animation kì í ṣe tiwa. Lára àwọn ère Gẹ̀lẹ̀dẹ́, pàápàá lápá ọ̀dọ̀ àwọn ará Benin, a rí èyí tí agbẹ́gilére ṣe lápá ṣe lẹ́sẹ̀, tó so okùn mọ́, tí ẹni tó gbé e sórí á máa fa okùn lábẹ́ aṣọ, tí ère orí á sì máa jà, á máa jó, á máa ṣe ohun tí ojú ò gbọdọ̀ rí. Igi tó ń rìn nìyẹn. Alùpùpù wà lórí ère Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Ẹ̀rọ ìránṣọ wà níbẹ̀. Nígbà tí nǹkan tuntun dé ìlú, agbẹ́gilére ò dúró kí ẹnìkan fún un láyè, ó gbé e sórí, ó gbé e jó. Ní 2001 ni UNESCO ka Gẹ̀lẹ̀dẹ́ mọ́ ìṣúra gbogbo ayé. Ó dáa. Àmọ́ láti ìgbà tí a ti ń pè é ní ìṣúra la ti ń tọ́jú ẹ̀ bí awo àlejò, a ò fi jẹun mọ́.

Ibi tó ń dùn mí gan-an la dé yìí. Lónìí, tí ẹnikẹ́ni bá fẹ́ ṣe kàtúùnù ní Yorùbá, gbólóhùn kan náà ló máa ń wà lẹ́nu ẹ̀: "káwọn ọmọ wa lè mọ àṣà wọn." Ìjàpá á dé fìlà, á jí nǹkan jẹ, wọ́n á mú un, ohùn kan á wá sọ̀rọ̀ lẹ́yìn pé olè jíjà kò dáa. Mo kí àwọn tó ń ṣe é. Àwọn ọmọ àbúrò mi ń wò ó, wọ́n sì ń fi kọ́ bí wọ́n ṣe ń kúnlẹ̀. Ìjà mi ni pé ibẹ̀ ló parí sí. Kò sí ìkejì. Ọmọ yẹn á pé ọdún mẹ́tàdínlógún, á ní ìbẹ̀rù tó tóbi ju ti Ìjàpá lọ, á wá inú Yorùbá títí, kò ní rí ohun tó lè gbé ìbẹ̀rù náà sí. Á kọjá sí Gẹ̀ẹ́sì.

Ẹ wo ara yín, ẹ̀yin tí ẹ ń ka èyí. Tí ẹ bá wà lórí bẹ́ẹ̀dì ní aago méjì òru, fóònù lójú, dátà tó kù ò tó nǹkan, tí nǹkan kan sì ń dẹ́rù bà yín nínú fóònù yẹn, èdè wo ló ń sọ? Gẹ̀ẹ́sì ni, àbí Korea, àbí Japan. Òkú tó ń rìn, Gẹ̀ẹ́sì ló ń sọ. Rọ́bọ́ọ̀tì tó kọ̀ láti kú, Gẹ̀ẹ́sì. Yorùbá ti di èdè tí a fi ń kí màmá, tí a fi ń dúpẹ́ níbi àríyá, tí a fi ń kọ́ ọmọ ọdún mẹ́rin ní orúkọ ẹranko. Èdè tí àgbà ò lè fi bẹ̀rù mọ́, báwo ló ṣe fẹ́ fi ronú nípa ọ̀la?

Ìgbà kan wà tí ọ̀rọ̀ ò rí báyìí. Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmọlẹ̀ jáde ní 1938. Ọkùnrin kan wá bá òǹkọ̀wé, ó ní mú bírò kí o kọ ohun tí mo bá sọ. Ọjọ́ kejì, àwọn èèyàn ti gbọ́, wọ́n ti pé jọ láti gbọ́ èyí tó kù. Ìtàn gbe ìtàn, iwin tẹ̀lé iwin, Agbákò pẹ̀lú ojú mẹ́rìndínlógún. Tí Netflix bá gbé e jáde lọ́la, wọ́n á pín in sí apá mẹ́jọ, wọ́n á ní 18+. Àwa ńkọ́? A gbé e fún ọmọ ilé-ìwé girama, a ní kó wá àfiwé tààrà jáde nínú ẹ̀. Mo mọ̀ pé ẹnìkan á sọ pé Fágúnwà fúnra ẹ̀ ń wàásù. Òótọ́ ni, ó wàásù, ó sì wàásù gan-an. Àmọ́ ẹ sọ fún mi, èwo nínú ìwàásù ẹ̀ lẹ rántí? Agbákò lẹ rántí.

Ẹgbẹ́ kejì tó gba ìbẹ̀rù lọ́wọ́ wa ni àwọn tó ń ṣe fíìmù ìjọ. Èmi gẹ́gẹ́ bí ọmọ tó dàgbà ní àwọn ọdún 1990, Agbára Ńlá dẹ́rù bà mí débi pé mi ò lè dá sùn. Iṣẹ́ gidi ni. Àmọ́ ẹ wo bí wọ́n ṣe ṣètò ẹ̀: bó ti wù kí òkùnkùn pọ̀ tó, a ti mọ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ pé ẹnìkan ń bọ̀ tó máa gbé Bíbélì sókè, tí gbogbo ẹ̀ á sì tán. Ìbẹ̀rù di ọ̀nà àbùjá lọ síbi ìwàásù. Nígbà tí irú ẹ̀ wá pọ̀ tó, a gbàgbé pé ìtàn adẹ́rùbani lè parí láìsí ẹni tó gbà wá. Ìtàn Màmá Idogo ò ní wòlíì. Obìnrin náà dáhùn, ó tán. Ohun tó jẹ́ kí n tan tọ́ọ̀ṣì nìyẹn.

Mo mọ̀ pé ẹ ti ń pariwo Iwájú. Ẹ jẹ́ ká sọ ọ́.

Kugali ṣe bẹbẹ, mi ò ní bá ẹnikẹ́ni jiyàn lórí ìyẹn. Ọmọ Nàìjíríà méjì àti ọmọ Uganda kan ló dá a sílẹ̀. Ní 2019, wọ́n sọ fún BBC pé àwọn á na Disney ní Áfíríkà. Disney gbọ́, ó sì pè wọ́n kí wọ́n jọ ṣiṣẹ́. Iwájú jáde lórí Disney+ ní February 2024, apá mẹ́fà, Èkó ọjọ́ iwájú, àwọn tálákà tó ń gbé ní Mainland àti àwọn ọlọ́rọ̀ tó ń gbé ní Island, ọkọ̀ tó ń fò, àwọn ọmọ tí ajínigbé ń lépa. Ẹwà ẹ̀ kọjá sísọ. Mo rí ọmọ tó ń ta nǹkan nínú gósílóò tí ọkọ̀ òfúrufú dá sílẹ̀, mo pariwo. Síbẹ̀, ọmọdébìnrin ọlọ́rọ̀ àti alángbá rọ́bọ́ọ̀tì ẹ̀ ló gbé ìtàn náà dání, Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n ń sọ, Yorùbá wá ń yọjú bí ata tí wọ́n fi ọwọ́ méjì bù sínú ọbẹ̀. Disney+ ò sì tíì ṣílẹ̀kùn sí Nàìjíríà nígbà tó jáde níbẹ̀. Ìtàn Èkó, ará Èkó ò rí ibi sanwó sí láti wò ó níbẹ̀.

Èyí tó sún mọ́ ohun tí mò ń wí ni Kizazi Moto, July 2023, ìtàn mẹ́wàá láti orílẹ̀-èdè mẹ́fà ní Áfíríkà, Triggerfish ti South Africa ló kó wọn jọ. Shofela Coker ṣe ọ̀kan níbẹ̀ tó pè ní Moremi. Ẹ mọ ìtàn Mọremí tí wọ́n kọ́ wa níléèwé: akọni obìnrin, ó gba Ifẹ̀ là, ẹ pàtẹ́wọ́. Tiṣà á yára kọjá lórí ọmọ tó fi rúbọ. Coker dúró síbẹ̀. Ó sọ Mọremí di onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ní Nàìjíríà ọjọ́ iwájú, ó sì jẹ́ kí ọmọ náà, ẹ̀mí tó há sí ilẹ̀ òmíràn láàrin àwọn òmìrán tó ń jẹ ọkàn, bẹ̀rẹ̀ sí í rántí ohun tí ìyá ẹ̀ ṣe. Mo wò ó lẹ́ẹ̀mejì. Nígbà kejì, mo dá ohùn ẹ̀ dúró, mo gbìyànjú láti máa fi Yorùbá sọ ohun tí wọ́n ń sọ. Ìyá tó ń sọ fún ọmọ ẹ̀ pé òun ló pa á. Ní Gẹ̀ẹ́sì, ó dùn ún gbọ́. Ní Yorùbá, mi ò lè sọ ọ́ tán. Irú ìyẹn ni mò ń wá, ẹ ò rí i? Iṣẹ́ ọwọ́ ọmọ wa ti dé ẹnu ọ̀nà, èdè wa ló kù síta.

Ẹ tún má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ pé ará Nàìjíríà ò lè jókòó ti ìtàn adẹ́rùbani tí kò wàásù. C.J. Obasi, Abba Makama àti Michael Omonua ṣe Juju Stories ní 2021, ìtàn mẹ́ta nínú fíìmù kan. Ọ̀kan dá lórí ọ̀rọ̀ tí gbogbo wa gbọ́ ní kékeré: má ṣe mú owó ilẹ̀, wàá di iṣu. Wọ́n ò fi ṣe ẹ̀fẹ̀, wọ́n ò fi wàásù. Ó kàn di iṣu. Locarno ni wọ́n ti kọ́kọ́ fi hàn, ní Switzerland. Èèyàn gidi ló ṣeré níbẹ̀ o, kì í ṣe kàtúùnù, Yorùbá kọ́ ló sì gbé e ró. Àmọ́ ọ̀nà ti là.

Ó kù owó. Gbogbo ìgbà tí mo bá sọ ọ̀rọ̀ yìí láàrin àwọn ẹlẹgbẹ́ mi tó ń kọ kóòdù, wọ́n á ní, "Bọ̀dá, owó dà? Disney ni ẹ́?" Ẹ jẹ́ ká ṣírò, torí ìṣirò niṣẹ́ wa. Ìtàn ìṣẹ́jú mẹ́fà, àwòrán 24 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, ìyẹn jẹ́ àwòrán 8,640. Tí kọ̀ǹpútà yín bá ń fi ìṣẹ́jú méjì parí àwòrán kan, wákàtí 288 nìyẹn, ọjọ́ 12 láìdúró. Kọ̀ǹpútà mẹ́ta tí ọ̀rẹ́ mẹ́ta yá ara wọn, ọjọ́ 4. Tí ẹ bá ya àwòrán 12 péré ní ìṣẹ́jú-àáyá, bí ọ̀pọ̀ àwọn ará Japan ṣe máa ń ṣe, ẹ tún gé e sí méjì. Ìṣòro iná wà, mo mọ̀, Idogo ni mo ti ń sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ kọ ọ́ kó máa tọ́jú àwòrán kọ̀ọ̀kan bó bá ṣe ń parí, tí iná bá lọ ní àwòrán 3,112, tó bá padà dé, á bẹ̀rẹ̀ láti 3,113. Ẹni tó bá sọ pé òun ń dúró de ìgbà tí iná á dúró, kó kọ́kọ́ sọ ohun tó ti ṣe pẹ̀lú wákàtí mẹ́rin tó ń rí.

Blender ni wọ́n fi ń ṣe é, ọ̀fẹ́ ni, ẹ ò ní jí i. Flow, fíìmù ológbò tí Gints Zilbalodis àti àwọn èèyàn ẹ̀ ṣe ní Latvia, Blender ni wọ́n lò, ó sì gba Oscar ní March 2025. Iye èèyàn Latvia kéré sí ti Èkó nílọ́po púpọ̀. Ibi tí ìtàn kéékèèké sì ti wúlò jù nìyí: ẹ ò nílò owó fíìmù gígùn. Ẹni tó wà ní Ìlaròó á ṣe ọ̀kan, ẹni tó wà ní Peckham á ṣe ọ̀kan, ẹni tó wà ní Porto-Novo tó gbọ́ Yorùbá ju èmi lọ á ṣe ọ̀kan. Kò pọn dandan kí wọ́n jọra. Tí ọ̀kan bá burú, ìṣẹ́jú mẹ́fà péré ló bàjẹ́.

Àwíjàre tó máa ń múnú bí mi jù ni ti àwọn tó ní Yorùbá ò ní ọ̀rọ̀ tí a lè fi sọ ìtàn sáyẹ́ǹsì. Wọ́n á ní, "Kí lẹ fẹ́ pe spaceship?" Ta ló bi yín? Mo ti ń kọ kóòdù láti ìgbà tí mo ti wà ní yunifásítì, mi ò tíì gbọ́ kí ẹnikẹ́ni pe kọ̀ǹpútà ní ẹ̀rọ ayárabíàṣá nígbà tó ń bínú sí i. Kọ̀ǹpútà ni. Ẹ jẹ́ kí òmìrán inú òfúrufú pe ọkọ̀ ẹ̀ ní ọkọ̀. Ohun tí ìtàn sáyẹ́ǹsì nílò ni òfin kan tí kò jọ ti ibòmíràn, àti àwọn èèyàn tó gbọ́dọ̀ máa gbé lábẹ́ ẹ̀. Ṣé àwa ará ẹ̀bá bọ́dà la máa wá ìyẹn tì?

Ẹ gbọ́ ná. Ní August 2019, ìjọba ti bọ́dà pa. Ní November ọdún yẹn, àṣẹ tún jáde pé kí wọ́n má gbé epo bẹntiróòlù lọ sí ilé epo kankan tó wà láàrin kìlómítà 20 sí bọ́dà. Ẹ fojú inú wò ó fúnra yín: ìlà kan tí ẹnikẹ́ni ò lè fojú rí gba àárín ilẹ̀ kọjá. Ilé epo tó wà ní kìlómítà 19 gbẹ, èyí tó wà ní kìlómítà 21 ń tà. Ilé kan wà tí pálọ̀ ẹ̀ wà lọ́wọ́ ìhín ìlà, tí ilé ìdáná wà lọ́wọ́ ọ̀hún. Kí ló ń ṣẹlẹ̀ sí jẹnẹrétọ̀ tí wọ́n gbé láti pálọ̀ sí ilé ìdáná? Kí ló ń ṣẹlẹ̀ sí ẹni tó gbé epo mì sínú kó tó kọjá? Mo ti ní ìtàn méjì níbẹ̀, mi ò tíì pe rọ́bọ́ọ̀tì kankan. Ẹ fi tírélà sìmẹ́ǹtì tó ń sáré lóru láàrin Papalanto àti Ìlaròó kún un, tí eruku bo gíláàsì débi pé ẹ ò rí awakọ̀, tí ẹ ò sì dá a lójú pé awakọ̀ wà níbẹ̀. Amẹ́ríkà ò lè kọ ìyẹn. Wọn ò mọ bí eruku yẹn ṣe ń rí lẹ́nu.

Ẹnìkan á sọ pé èṣù ni mò ń pè wọlé. Ẹ jọ̀ọ́, ẹni tó ń bẹ̀rù èṣù tó bẹ́ẹ̀, àwọn ìtàn yìí ò ṣe é lára, torí òun kọ́ la ṣe é fún. Kó lọ sùn pẹ̀lú àwọn ọmọ.

Èmi ti bẹ̀rẹ̀ tèmi. Ọkọ̀ ojú irin ni. Ọmọkùnrin kan tó kàwé ní pólì Ìlaròó ń bá mi ya ibùdókọ̀ náà, mo ní kó má ṣe ya ojú àwọn èrò rárá, ọwọ́ nìkan. A ń jà lórí bí ọwọ́ òkú ṣe ń ka owó. Màmá Idogo gbà láti ṣe ohùn obìnrin náà, lẹ́yìn tí mo ṣàlàyé fún wọn lẹ́ẹ̀mẹ́ta pé kàtúùnù ni. Ìbéèrè tí wọ́n bi mí ni pé, "Ṣé àwọn ọmọ á wò ó?" Mo ní rárá, Màmá, àgbà ni. Wọ́n rò ó díẹ̀, wọ́n ní, "Ó dáa. Tó bá rí bẹ́ẹ̀, mo máa sọ ibi tó kù fún ẹ."

Ibi kan kù! Láti December yẹn!

Wọ́n sọ ọ́ fún mi, mo gbà á sílẹ̀ sórí fóònù, ṣùgbọ́n ariwo jẹnẹrétọ̀ aládùúgbò bo ohùn wọn mọ́lẹ̀ láti ibi tí wọ́n ti ń ka ṣílè. Mo ní kí wọ́n tún un sọ. Wọ́n ní àwọn ò kì í sọ ọ́ lẹ́ẹ̀mejì lọ́sẹ̀ kan.